Ṣé Omi Máa Wọlé Ni àbí Ó Máa Jáde? Ìtọ́sọ́nà sí Ọ́sìmósìsì àti Dìfúṣọ̀n Lára Awọ Sẹ́ẹ̀lì

Ìbéèrè kan wà tó máa ń kó àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sí wàhálà lọ́dọọdún. Wọ́n á ní wọ́n ju sẹ́ẹ̀lì sínú omi ṣúgà tó ki dáadáa, ṣé omi máa wọ inú sẹ́ẹ̀lì náà ni àbí ó máa jáde? Ọ̀pọ̀ á kọ ọ́ fàlàlà pé ó máa wọlé, nítorí pé ibi tí nǹkan ti pọ̀ ló ti ń lọ síbi tí kò ti pọ̀, ìta ló sì ti pọ̀. Ṣúgà ló pọ̀ níta o, omi kọ́. Wọ́n ti gbé iye ṣúgà lé omi lórí, gbogbo àlàyé tó tẹ̀ lé e sì dorí kodò.

Àwọn kan tún wà tí wọ́n ti kọ́ ìdáhùn sórí, àmọ́ tí wọ́n bá gbé ọ̀dùnkún àti òṣùwọ̀n síwájú wọn pé kí wọ́n fi hàn, nọ́ńbà tí wọ́n máa rí kò ní jọra rárá: èyí tó yẹ kó wúwo á fúyẹ́, èyí tó yẹ kó fúyẹ́ á wúwo. Ìṣòro méjèèjì ni mo fẹ́ ká jọ yanjú. A máa kọ́kọ́ sọ ibi tí omi ń lọ ká tó fọwọ́ kan nǹkan kan, lẹ́yìn náà a máa wọ̀n ọ́n. Lójú tèmi, àfọwọ́ṣe ló ń jẹ́ kí ọ̀rọ̀ ọ́sìmósìsì, ìyẹn bí omi ṣe ń gba awọ sẹ́ẹ̀lì kọjá, yé èèyàn. Àkọ́sórí kì í báni dé inú gbọ̀ngàn ìdánwò.

Kí ọ̀rọ̀ má bàa dàrú: tí mo bá ní omi kan ki, ohun tó yọ́ sínú rẹ̀ ló pọ̀. Tí mo bá ní ó ṣàn, ohun tó yọ́ sínú rẹ̀ ò tó nǹkan.

Ohun tí ẹ máa nílò

- Ọ̀dùnkún ńlá kan tó ṣì le, tí kò tíì hù, tí kò sì rún
- Ṣúgà funfun lásán (súkúróòsì lorúkọ rẹ̀ nínú ìwé sáyẹ́ǹsì)
- Omi dísítììdì (omi tí kò sí ohunkóhun tó yọ́ sínú rẹ̀). Tí kò bá sí, ẹ lo omi ẹ̀rọ, àmọ́ ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ pé òun lẹ lò
- Òṣùwọ̀n tó lè ka gíráàmù dé 0.01
- Sìlíńdà tí wọ́n fi ń wọn omi
- Túùbù tàbí ife kékeré 6 tó ní ìdérí
- Ọ̀bẹ tó mú, rúlà, tíṣù, bírò tí omi kì í pa rẹ́, pépà gíráàfù
- Fún Ìpele 7: míkírósíkóòpù, àlùbọ́sà pupa, iyọ̀
- Fún Ìpele 8: jẹ́látìnì tàbí ágà, aró tí wọ́n fi ń pa nǹkan láró

Ìpele 1: Ẹ mọ ohun tí awọ sẹ́ẹ̀lì gbà láàyè

Awọ sẹ́ẹ̀lì fẹ́lẹ́ gan-an. Nípípọn rẹ̀ kò ju nanomítà 7 sí 8 lọ. Tí a bá to 100,000 irú rẹ̀ léra wọn, kò ní tó mílímítà kan. Ọ̀rá ni ìpìlẹ̀ rẹ̀, ó sì wà ní ìpele méjì: orí mólíkù ọ̀rá kọ̀ọ̀kan kọjú sí omi, ìrù rẹ̀ fara pa mọ́ sí àárín. Purotéènì oríṣiríṣi sì rì sínú ọ̀rá yìí káàkiri.

Ohun tó bá fẹ́ kọjá, ọ̀nà mẹ́ta ló wà fún un.

Ọ́síjìn, kábọ́ọ̀nù dáyọ́ksáídì àti àwọn mólíkù kéékèèké tó ń bá ọ̀rá ṣe dáadáa máa ń gba inú ọ̀rá náà kọjá tààrà. Dìfúṣọ̀n lásán nìyẹn: ibi tí wọ́n ti pọ̀ ni wọ́n ti ń lọ síbi tí wọn kò ti pọ̀, láìsí pé ẹnikẹ́ni ń tì wọ́n. Àwọn áyọ́ọ̀nù (wóró tó ní iná mànàmáná lára) bíi sódíọ̀mù àti potásíọ̀mù ò lè gba inú ọ̀rá, bẹ́ẹ̀ náà ni glúkóòsì. Purotéènì ló ń ṣílẹ̀kùn fún wọn. Síbẹ̀, tó bá jẹ́ pé ibi tí wọ́n ti pọ̀ ni wọ́n ti ń lọ síbi tí wọn kò ti pọ̀, dìfúṣọ̀n náà ni, sẹ́ẹ̀lì ò sì ná agbára kankan lé e.

Ọ̀nà kẹta kì í ṣe dìfúṣọ̀n rárá. Nígbà míì, sẹ́ẹ̀lì fẹ́ kó nǹkan láti ibi tó ti kéré lọ síbi tó ti pọ̀. Owó ni ìyẹn ń ná an, ATP, mólíkù tí sẹ́ẹ̀lì ń gba agbára lára rẹ̀, sì ni owó náà. Páńpù sódíọ̀mù àti potásíọ̀mù máa ń ti sódíọ̀mù 3 síta, á fa potásíọ̀mù 2 wọlé, á ná ATP kan lórí rẹ̀. Tí ìdánwò bá ti mẹ́nu kan ATP, tàbí tó ní wọ́n fi májèlé pa ìmí sẹ́ẹ̀lì tí ìgbòkègbodò náà sì dúró, ẹ má kọ dìfúṣọ̀n.

Omi ńkọ́? Díẹ̀ nínú rẹ̀ ń yọ́ gba inú ọ̀rá kọjá. Nínú ọ̀pọ̀ sẹ́ẹ̀lì, purotéènì tí wọ́n ń pè ní akuapórìn ni èyí tó pọ̀ jù ń gbà. (Peter Agre tó ṣàwárí rẹ̀ wà lára àwọn tó gba ẹ̀bùn Nobel fún kẹ́místrì ní 2003.) Súkúróòsì tiwa yìí kì í fi bẹ́ẹ̀ kọjá, ìdí sì nìyẹn tí a fi máa lò ó.

*Ibi tí wọ́n ti ń ṣìnà:* wọ́n máa ń rò pé ajọ̀ ni awọ náà, pé ohun tó bá ti kéré á kọjá, ohun tó bá tóbi á há. Áyọ́ọ̀nù sódíọ̀mù kéré ju mólíkù glúkóòsì lọ fíìfíì, síbẹ̀ kò lè gba inú ọ̀rá. Iná mànàmáná tó wà lára rẹ̀ ni kò jẹ́. Ẹ wo bí nǹkan ṣe tóbi tó, kí ẹ tún wò bóyá iná wà lára rẹ̀, kí ẹ sì wò bóyá ọ̀rá gbà á mọ́ra.

*Ẹ yẹ ara yín wò:* ẹ pa ìwé dé, kí ẹ sọ ọ̀nà tí ọ́síjìn, sódíọ̀mù, glúkóòsì àti omi ń gbà. Tí ẹ bá kó gbogbo wọn sí ọ̀nà kan náà, ẹ padà sókè.

Ìpele 2: Ẹ sọ ibi tí omi máa lọ kí ẹ tó ṣe ohunkóhun

Ìbéèrè mẹ́ta ni kí ẹ bi ara yín, kí ẹ má sì fo ọ̀kankan.

1. *Nínú ohun tó yọ́ sínú omi yìí, èwo ni awọ ò gbà kó kọjá?* Èyí tó bá lè kọjá, ẹ fagi lé e.

2. *Níhà wo ni àwọn tí kò lè kọjá yìí ti pọ̀ jù?* Iye wóró wọn lẹ máa kà, kì í ṣe ìwúwo wọn lórí òṣùwọ̀n. Iyọ̀ tó bá yọ́ á pín sí méjì, sódíọ̀mù lọ́tọ̀, klóráídì lọ́tọ̀. Ṣúgà kì í pín. Nítorí náà omi iyọ̀ 0.15 mólà (mólà ni wọ́n fi ń ka iye ohun tó yọ́ sínú lítà kan, kó tó pín) àti omi ṣúgà 0.3 mólà fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ ọgba.

3. *Ǹjẹ́ nǹkan kan ń ti omi padà?* Sẹ́ẹ̀lì ewéko ní ògiri. Tí omi bá ti wọlé tó, ògiri á bẹ̀rẹ̀ sí í tì í padà, ó sì lè dé ibi tí omi tó ń jáde á ṣe deedee èyí tó ń wọlé. Sẹ́ẹ̀lì ẹranko ò ní ògiri.

Ìhà tí àwọn tí kò lè kọjá bá ti pọ̀ jù ni omi máa forí lé. Àyàfi tí ògiri bá ń tì í padà, kò sí ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ìdí rẹ̀ ni pé ohun tó yọ́ sínú omi máa ń dín agbára tí omi ní láti kúrò níbi tó wà kù. Omi tó ṣàn ní agbára yẹn lọ́wọ́, omi tó ki ò ní tó o, ẹni tó ní agbára láti kúrò ló sì ń kúrò. Ọ̀rọ̀ yìí ni kí ẹ fi rọ́pò "ibi tó pọ̀ sí ibi tó kéré" tó máa ń ṣi àwọn èèyàn lọ́nà.

Ẹ jẹ́ ká fi sẹ́ẹ̀lì pupa inú ẹ̀jẹ̀ dán an wò. Nínú omi dísítììdì, kò sí nǹkankan níta, inú sẹ́ẹ̀lì ló ní àwọn tí kò lè kọjá. Omi rọ́ wọlé, sẹ́ẹ̀lì wú, kò sí ògiri tó máa dá a dúró, ó bẹ́. Nínú omi iyọ̀ 0.9%, ìyẹn gíráàmù 9 nínú lítà kan, inú àti ìta jẹ́ ọgba, ohunkóhun ò yí padà. Ìdí nìyẹn tí omi ìfàsára ilé ìwòsàn fi máa ń jẹ́ 0.9%. Nínú omi iyọ̀ 5%, omi jáde, sẹ́ẹ̀lì sì hunjọ.

Ó yá, ẹ wo èyí tó máa ń mú àwọn ọlọ́gbọ́n. Wọ́n fi sẹ́ẹ̀lì pupa sínú omi yúríà (ohun ìdọ̀tí tó ń bá ìtọ̀ jáde) 0.3 mólà. Ẹni tó ka iye wóró nìkan á ní inú àti ìta jẹ́ ọgba, pé kò sí ohun tó máa ṣẹlẹ̀. Sẹ́ẹ̀lì náà á bẹ́! Ìbéèrè àkọ́kọ́ ló fò. Yúríà máa ń gba awọ sẹ́ẹ̀lì pupa kọjá wẹ́rẹ́, torí náà kò yẹ kí a kà á mọ́ àwọn tí kò lè kọjá. Tí a bá fagi lé e, ìta ò ní nǹkankan mọ́, ọ̀rọ̀ wá dọ́gba pẹ̀lú ti omi dísítììdì. Yúríà á wọlé, omi á sì tẹ̀ lé e.

*Ibi tí wọ́n ti ń ṣìnà:* wọ́n á pe omi kan ní háípátónìkì (èyí tí àwọn tí kò lè kọjá inú rẹ̀ pọ̀ ju ti inú sẹ́ẹ̀lì lọ) bíi pé orúkọ rẹ̀ nìyẹn láti ọ̀run wá. Àfiwé ni. Omi tó jẹ́ háípátónìkì fún sẹ́ẹ̀lì kan lè jẹ́ háípótónìkì (òdì kejì rẹ̀) fún òmíràn. Ẹ máa sọ pé "ó jẹ́ háípátónìkì sí sẹ́ẹ̀lì yìí."

*Ẹ yẹ ara yín wò:* kí ló máa ṣẹlẹ̀ sí sẹ́ẹ̀lì pupa nínú omi ṣúgà 0.3 mólà, àti nínú omi iyọ̀ 0.3 mólà? Nínú ti ṣúgà, kò ní yí padà tó bẹ́ẹ̀. Nínú ti iyọ̀, á hunjọ, torí pé 0.3 iyọ̀ ti di 0.6 wóró. Tí ẹ bá ní ìdáhùn kan náà fún méjèèjì, ìbéèrè kejì lẹ fò.

Ìpele 3: Ẹ po omi ṣúgà

Ẹ wọn ṣúgà gíráàmù 34.2 sínú ife. Ẹ da omi dísítììdì bíi mílílítà 60 sí i, ẹ rò ó títí tí kò fi ní sí hóró kan nílẹ̀. Ẹ dà á sínú sìlíńdà, ẹ fi omi díẹ̀ ṣan ife náà kí ẹ sì da omi ìṣanfe yìí mọ́ ọn, lẹ́yìn náà kí ẹ bu omi sí i títí á fi pé mílílítà 100. Mólà 1 nìyẹn.

*Ibi tí wọ́n ti ń ṣìnà:* wọ́n á wọn omi mílílítà 100, wọ́n á da ṣúgà lé e. Ṣúgà náà gba àyè tirẹ̀, àpapọ̀ á kọjá 100, omi náà ò sì ní jẹ́ mólà 1 mọ́. Omi ló ń pé 100 lẹ́yìn ṣúgà.

Ẹ kọ nọ́ńbà sára túùbù mẹ́fẹ̀ẹ̀fà, kí ẹ sì pín in báyìí (mílílítà ni gbogbo rẹ̀):

- 0.0 mólà: omi ṣúgà 0, omi dísítììdì 20
- 0.2 mólà: omi ṣúgà 4, omi dísítììdì 16
- 0.4 mólà: omi ṣúgà 8, omi dísítììdì 12
- 0.6 mólà: omi ṣúgà 12, omi dísítììdì 8
- 0.8 mólà: omi ṣúgà 16, omi dísítììdì 4
- 1.0 mólà: omi ṣúgà 20, omi dísítììdì 0

Ẹ po túùbù kọ̀ọ̀kan pọ̀ dáadáa. Omi ṣúgà tó ki máa ń wúwo, á lọ jókòó sísàlẹ̀ tí ẹ kò bá rò ó.

*Ẹ yẹ iṣẹ́ yín wò:* ẹ wọn mílílítà 10 nínú omi mólà 1 sórí òṣùwọ̀n, kí ẹ yọ ìwúwo ife kúrò. Ó yẹ kó súnmọ́ gíráàmù 11.3. Omi dísítììdì mílílítà 10 á súnmọ́ gíráàmù 10. Tí ti ṣúgà bá jẹ́ 10.6, ẹ ti fi omi bà á jẹ́, ẹ tún un po. Ẹ da èyí tí ẹ wọ̀n padà sínú túùbù rẹ̀.

Ìpele 4: Ẹ gé ọ̀dùnkún

Ẹ bó èèpo rẹ̀ kúrò pátápátá. Èèpo kì í jẹ́ kí omi wọlé tàbí kó jáde, ẹyọ kan tí èèpo ṣẹ́ kù sí lára á fi irọ́ hàn yín.

Ẹ gé e sí ẹyọ 18 tó gùn ní sẹ̀ǹtímítà 4, tó fẹ̀ ní ìdajì sẹ̀ǹtímítà, tó sì nípọn bẹ́ẹ̀. Inú ọ̀dùnkún kan ṣoṣo ni kí gbogbo rẹ̀ ti wá, nítorí pé ọ̀dùnkún méjì ò ní ìwọ̀n ṣúgà kan náà nínú. Ẹyọ mẹ́ta ló máa wà nínú túùbù kọ̀ọ̀kan. Kí ẹ lè dá wọn mọ̀, ẹ fi ọ̀bẹ fá ìlà kékeré kan sí orí ọ̀kan, méjì sí orí èkejì, kí ẹ fi ẹ̀kẹta sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Kí ẹ tó wọ̀n wọ́n lẹ máa fá ìlà yìí o, kì í ṣe lẹ́yìn rẹ̀.

Ẹ nu omi ara wọn pẹ̀lú tíṣù, ẹ wọ̀n wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Ọ̀dùnkún tí wọ́n gé tí wọ́n fi sílẹ̀ níta ń gbẹ, torí náà ẹ má gé gbogbo rẹ̀ tán kí ẹ tó lọ wá òṣùwọ̀n.

*Ẹ yẹ iṣẹ́ yín wò:* gbogbo ẹyọ yẹ kó súnmọ́ gíráàmù 1. Èyí tó bá yàtọ̀ púpọ̀, ẹ gé òmíràn.

Ìpele 5: Ẹ rì wọ́n, ẹ nù wọ́n, ẹ wọ̀n wọ́n

Ẹ kó wọn sínú túùbù, ẹ rí i pé omi bo wọ́n mọ́lẹ̀ pátápátá, ẹ dé e. Tí ẹ kò bá dé e, omi á máa fẹ́ lọ, èyí tó kù á sì máa ki sí i. Ẹ gbé gbogbo túùbù síbì kan náà tí oòrùn ò dé. Wákàtí 1 máa fi ọ̀nà tí ó ń gbà hàn, àmọ́ tí àyè bá wà, ẹ jẹ́ kó di ọjọ́ kejì. Ẹ má jẹ́ kó ju bẹ́ẹ̀ lọ, ó máa bẹ̀rẹ̀ sí í jẹrà.

Nígbà tí ẹ bá ń yọ wọ́n, kí ẹ tó wọ̀n wọ́n, ẹ fọwọ́ pa wọ́n wò. Èyí tó wá látinú omi dísítììdì á le gbagidi. Tí ẹ bá tẹ̀ ẹ́, á dá pàkà. Èyí tó wá látinú mólà 1 á rọ jọ̀jọ̀, ẹ lè tẹ orí rẹ̀ kó fẹ́rẹ̀ẹ́ kan ìdí láìṣẹ́. Ọwọ́ yín ti sọ ìdáhùn fún yín kí òṣùwọ̀n tó sọ ọ́: sẹ́ẹ̀lì tó kún fún omi ń ti ògiri rẹ̀ síta, òun ló ń jẹ́ kí ọ̀dùnkún le. Tí omi bá jáde, kò sí ohun tó ń ti ògiri mọ́.

Nínù ló wá kù. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ èsì ti ń bàjẹ́. Omi tó lẹ̀ mọ́ ara ẹyọ kan tó gíráàmù 1 lè tó láti yí èsì po. Ẹ tẹ́ tíṣù, ẹ yí ẹyọ náà lórí rẹ̀ kí ẹ̀gbẹ́ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin kàn án lẹ́ẹ̀kan, ẹ fi orí àti ìdí rẹ̀ kàn án lẹ́ẹ̀kan, ó parí. Ẹ má fún un. Ẹ má nu ọ̀kan lẹ́ẹ̀mẹ́ta kí ẹ sì nu èkejì lẹ́ẹ̀kan. Ẹnì kan náà ni kó nu gbogbo rẹ̀, kó sì máa pààrọ̀ tíṣù.

*Ẹ yẹ iṣẹ́ yín wò:* ẹ nu ẹyọ kan, ẹ wọ̀n ọ́n, ẹ tún un nù, ẹ tún un wọ̀n. Tí nọ́ńbà bá já wálẹ̀ ju 0.02 lọ, nínù àkọ́kọ́ ò tó.

Ìpele 6: Ìṣirò àti gíráàfù

Ẹ yọ ìwọ̀n àkọ́kọ́ kúrò nínú ìwọ̀n ìkẹyìn, ẹ fi ìwọ̀n àkọ́kọ́ pín ohun tó kù, ẹ fi 100 sọ ọ́ di púpọ̀. Ẹyọ tó jẹ́ 1.10 tó wá di 1.21 ti fi 10% kún un. Ẹyọ tó jẹ́ 0.90 tó di 1.01 fi 12.2% kún un, bẹ́ẹ̀ 0.11 kan náà ni àwọn méjèèjì fi wúwo sí i. Ìdí nìyẹn tí a kì í fi gíráàmù lásán ṣe àfiwé. Tí ọ̀dùnkún bá fúyẹ́ sí i, ẹ fi àmì àyọkúrò síwájú nọ́ńbà náà. Ẹ má gbàgbé rẹ̀, òun ni gbogbo ìtàn.

Ẹ wá ìṣirò àárín fún ẹyọ mẹ́ta inú túùbù kọ̀ọ̀kan. Tí méjì bá súnmọ́ra tí ẹ̀kẹta sì jìnnà pátápátá, ẹ wò ó bóyá èèpo wà lára rẹ̀ tàbí ẹ ṣi nọ́ńbà kọ.

Ẹ fi mólà sí ìlà ìdùbúlẹ̀, ẹ fi % sí ìlà ìnàró, kí òdo wà láàárín ìlà ìnàró kí àyè lè wà fún àwọn àyọkúrò. Ẹ fa ìlà tó gba àárín àwọn àmì kọjá. Ibi tí ìlà náà bá ti gé òdo, ibẹ̀ ni omi tó ń wọlé àti èyí tó ń jáde ti jẹ́ iye kan náà. Ká ní 0.2 mólà fún yín ní +4%, tí 0.4 mólà sì fún yín ní −6%: ìlà náà á gé òdo ní nǹkan bí 0.28 mólà. Omi ṣúgà 0.28 mólà ló bá ọ̀dùnkún yín dọ́gba. Ọ̀dùnkún tó wà dáadáa sáábà máa ń bọ́ sáàárín 0.2 sí 0.4.

Ẹni tó bá fẹ́ lọ jìnnà lè sọ ọ́ di agbára omi: ẹ fi 0.00831 sọ 0.28 di púpọ̀, kí ẹ tún fi 293 sọ ọ́ di púpọ̀ (ìyẹn bí inú yàrá bá wà ní 20 °C). Ẹ máa rí 0.68, ẹ fi àmì àyọkúrò síwájú rẹ̀, −0.68 MPa (mẹgapáskà, ìwọ̀n tí wọ́n fi ń ka ìfúnpá) nìyẹn.

*Ibi tí wọ́n ti ń ṣìnà:* wọ́n á kọ pé níbi òdo, "omi dúró." Omi ò dúró. Ó ń wọlé, ó ń jáde, kò sì sinmi. Iye méjèèjì ló kàn dọ́gba. Ẹni tó bá kọ pé ó dúró máa pàdánù máàkì, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀.

*Ẹ yẹ iṣẹ́ yín wò:* túùbù 0.0 gbọ́dọ̀ wà lókè òdo, túùbù 1.0 gbọ́dọ̀ wà nísàlẹ̀ rẹ̀. Tí gbogbo wọn bá wà lókè òdo, nínù ni kò dára. Tí wọ́n bá dorí kodò, ẹ ti ṣi túùbù kọ, tàbí ẹ ti yọ ìwọ̀n ìkẹyìn kúrò nínú àkọ́kọ́.

Ìpele 7: Ẹ fojú rí i

Ẹ yọ́ iyọ̀ gíráàmù 10 sínú omi kó pé mílílítà 100. Ẹ bó awọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tó ní àwọ̀ lẹ́yìn àlùbọ́sà pupa, ẹ tẹ́ ẹ sórí gíláàsì pẹ̀lú ẹ̀kán omi kan, ẹ fi gíláàsì kékeré bò ó, kí ẹ wò ó. Àwọ̀ náà á kún sẹ́ẹ̀lì dé etí.

Láìgbé e kúrò lábẹ́ míkírósíkóòpù, ẹ kán omi iyọ̀ sí ẹ̀gbẹ́ kan gíláàsì kékeré náà, ẹ fi tíṣù fa omi láti ẹ̀gbẹ́ kejì. Láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀, àwọ̀ náà á bẹ̀rẹ̀ sí í kúrò lára ògiri, igun sẹ́ẹ̀lì ló sábà máa ń ti bẹ̀rẹ̀, títí á fi kó ara rẹ̀ jọ sí ojú kan tí àwọ̀ rẹ̀ á sì dúdú sí i. Ògiri ò kúrò níbi tó wà.

Ẹ bi ara yín: kí ló wà láàárín ògiri àti awọ tó ti sún kúrò? Ọ̀pọ̀ á ní afẹ́fẹ́. Omi iyọ̀ ni. Ògiri sẹ́ẹ̀lì ewéko ń jẹ́ kí iyọ̀ kọjá, awọ sẹ́ẹ̀lì ni kò gbà á.

*Ẹ yẹ iṣẹ́ yín wò:* ẹ fi omi dísítììdì rọ́pò omi iyọ̀ náà lọ́nà kan náà. Tí sẹ́ẹ̀lì bá ṣì wà láàyè, àwọ̀ á padà kún un. Ẹ tún fi awọ àlùbọ́sà mìíràn sínú omi híhó fún ìṣẹ́jú kan kí ẹ tó kán iyọ̀ sí i. Èyí ò ní kó ara rẹ̀ jọ, àwọ̀ rẹ̀ á sì ti ṣàn jáde: ooru ti ba awọ sẹ́ẹ̀lì jẹ́, kò sì sí ọ́sìmósìsì níbi tí kò bá ti sí awọ tó ń yan ohun tó máa gbà.

Ìpele 8: Ẹ wọn bí dìfúṣọ̀n ṣe ń yá tó

Ẹ má kán aró sínú ife omi kí ẹ ní dìfúṣọ̀n lẹ rí. Èyí tó pọ̀ jù nínú ohun tí ẹ rí ni omi tó ń rú àti aró tó ń rì nítorí pé ó wúwo. Nínú jẹ́látìnì tàbí ágà tó ti dì, omi ò lè rú, dìfúṣọ̀n nìkan ló kù.

Ẹ da jẹ́látìnì sínú abọ́ pẹrẹsẹ, ẹ jẹ́ kó dì, ẹ lu ihò kékeré kan sí àárín rẹ̀, ẹ kán aró sínú ihò náà. Ẹ wọn bí aró ṣe jìnnà sí etí ihò tó lẹ́yìn wákàtí 1, kí ẹ tún wọ̀n ọ́n lẹ́yìn wákàtí 4. Ọ̀pọ̀ á retí pé yóò ti rìn ní ìlọ́po mẹ́rin. Ìlọ́po méjì ló máa súnmọ́. Tí ọ̀nà bá di ìlọ́po méjì, àkókò á di ìlọ́po mẹ́rin. Tí ọ̀nà bá di ìlọ́po mẹ́wàá, àkókò á di ìlọ́po ọgọ́rùn-ún.

Ẹ wo ohun tí èyí túmọ̀ sí fún mólíkù kékeré nínú omi. Máíkrómítà 10, tó fẹ̀ tó sẹ́ẹ̀lì kan, á gbà á ní nǹkan bí ìdá kan nínú ogún ìṣẹ́jú àáyá. Mílímítà 1 á gbà á ní nǹkan bí ìṣẹ́jú 8. Sẹ̀ǹtímítà 1 á gbà á ní nǹkan bí wákàtí 14. Tí wọ́n bá bi yín ìdí tí sẹ́ẹ̀lì kì í fi tóbi, tàbí ìdí tí ẹranko ńlá fi nílò ẹ̀jẹ̀ tí ọkàn ń fún kiri, nọ́ńbà mẹ́ta yìí ni kí ẹ kọ síbẹ̀.

*Ẹ yẹ iṣẹ́ yín wò:* ẹ pín ọ̀nà wákàtí 4 pẹ̀lú ti wákàtí 1. Tí ẹ bá rí nọ́ńbà tó wà nítòsí 2, ó dára. Tó bá wà nítòsí 4, ẹ fi ìka kan jẹ́látìnì náà: ó ti ń yọ́, tàbí kò dì tó láti ìbẹ̀rẹ̀.